Ó Tó Tà, Kò Tíì Tó Tà: Èdè Ọjà Nínú Géèmù

Ẹni tó bá dáwọ́ lé sísọ géèmù di Yorùbá, orí orúkọ nǹkan ló sábà máa ń kọ́kọ́ lọ. Kí là ń pe rúbì? Kí là ń pe sáfáyà? Yóò jókòó ti ìwé atúmọ̀ èdè títí, nígbà tó bá sì yá, yóò gbé "òkúta pupa iyebíye" kalẹ̀ fún ohun tí alágbẹ̀dẹ wúrà ń pè ní rúbì láìfi ti ẹnikẹ́ni ṣe. Orúkọ náà gùn, kò gba inú àpótí kékeré tí wọ́n yà sílẹ̀ fún un lójú géèmù. Àwọn tó túmọ̀ Bíbélì kò dá ara wọn lágara bẹ́ẹ̀. Nígbà tí wọ́n dé ibi ìgbàyà olórí àlùfáà, wọ́n pe tópásì ní tópásì, wọ́n pe dáyámọ́ǹdì ní dáyámọ́ǹdì, wọ́n sì kọjá lọ. Àwọn onímọ̀ èdè wa náà ṣe irú rẹ̀ nígbà tí wọ́n ń ṣètò èdè-ìperí, iṣẹ́ tí Ayọ̀ Bámgbóṣé ṣe olótùú apá kìíní rẹ̀ ní 1984: ẹ̀ka ìmọ̀ yẹn gba fóníìmù àti sílébù wọlé, ó sì fi àwọn ọ̀rọ̀ bí "ọ̀rọ̀-ìṣe" ṣe tiwa.

Lójú tèmi, orúkọ kọ́ ni iṣẹ́. Ìpinnu ni iṣẹ́: kí ni kí n tà, kí ni kò tíì yẹ ní títà, kí ni mi ò gbọdọ̀ tà láé. Ibẹ̀ gan-an sì ni èdè wa ti lọ́rọ̀ jù, torí inú ọjà ló gbé dàgbà.

Ẹ jẹ́ kí n mú géèmù kan pàtó. The Legend of Zelda: Breath of the Wild ni, èyí tí ilé-iṣẹ́ Nintendo ti ìlú Kyoto ní Japan gbé jáde ní oṣù kẹta ọdún 2017. Ọ̀dọ́mọkùnrin kan tó ń jẹ́ Link ló jí lójú oorun 100 ọdún, kò ní kọ́bọ̀ lọ́wọ́, ilẹ̀ Hyrule sì ti dahoro. Bó ṣe ń rìn ló ń ṣà: èso, olú, kòkòrò, òkúta tó fọ́ lára àpáta, ìwo àti eyín àwọn abàmì ẹ̀dá tó pa. Rúpì ni owó ilẹ̀ náà, àmọ́ àwọn abàmì ẹ̀dá yìí kì í sábà ní rúpì lára. Tí wọ́n bá kú, ẹ̀yà ara wọn ni wọ́n ń fi sílẹ̀. Ẹni tó bá fẹ́ owó, àfi kó tajà. Akọni ni wọ́n pe Link, ṣùgbọ́n ìdajì ayé rẹ̀, oníṣòwò ni.

(Mo ń sọ pé èèyàn ń "gbá" géèmù, bí àwọn ọmọ àdúgbò ti ń sọ ọ́. "Ta" tí à ń lò fún ayò ì bá dára jù, ṣùgbọ́n nínú ọ̀rọ̀ tó jẹ́ pé títà ni gbogbo rẹ̀, tí ọ̀pọ̀ kì í sì í fi àmì ohùn sí ohun tí wọ́n bá tẹ̀ lórí fóònù, ẹni tó ta géèmù àti ẹni tó tà á yóò di ẹnì kan náà.)

Ẹ wo àwọn tó ń rajà lọ́wọ́ Link. Ọkùnrin kan wà tó ń jẹ́ Beedle, tó gbé ẹrù tó ga ju òun fúnra rẹ̀ lọ kọ́ ẹ̀yìn. Kò ní ìsọ̀. Kò sí ibùdó ẹlẹ́ṣin tí a kì í bá a. Yóò ra ohun tí o bá gbé wá, yóò ta ọfà àti kòkòrò fún ọ, bó bá sì rí irú kòkòrò oníwo kan báyìí lápò rẹ, yóò fẹ́ fi oògùn gbà á, torí ìfẹ́ kòkòrò ti kó sí i lórí. Ẹlòmíràn lè pè é ní "olùtajà arìnrìn-àjò", ọ̀rọ̀ tí ẹnikẹ́ni kì í fi pe ẹnikẹ́ni. Alájàpá ni Beedle. Àwọn tó jókòó sí ìlú Hateno àti Kakariko, onísọ̀ ni tiwọn. Obìnrin ará Gerudo kan sì wà ní Goron City, Ramella, tí kì í ra òkúta iyebíye ní ẹyọ. Mẹ́wàá mẹ́wàá ló ń gbà á, owó tó sì ń san ju ti ojú ọjà lọ. "Rà" kò tó fún ohun tí obìnrin yìí ń ṣe. Ó ń kó ọjà ni. Tí wọ́n bá kọ "Mo ń kó rúbì lónìí" sí i lẹ́nu, ẹni tó ń gbá géèmù náà yóò mọ̀ lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀ pé ẹyọ kan kò lè dá a dúró.

Bọ́tìnì kan ṣoṣo ni géèmù ní fún títà, ṣùgbọ́n títà kò rí bákan náà. Dáyámọ́ǹdì kan ń lọ ní 500 rúpì, sáfáyà 260, rúbì 210, tópásì 180, áḿbà 30. Ẹni tó ta áḿbà díẹ̀ kó lè rí owó ọfà, ó tà á, ọ̀rọ̀ bùṣe. Ẹni tó kó rúbì mẹ́wàá fún Beedle nígbà tí Ramella wà ní Goron City tó ń wá a lójú méjèèjì, ó lù ú tà ni. Ẹni tó ti fẹ́ parí géèmù, tó da gbogbo ohun tó kù lápò sílẹ̀ láìwo iye, gbàǹjo ló lù. Mi ò ní kí wọ́n kọ gbogbo èyí sórí bọ́tìnì. Àmọ́ ẹni tó bá ń kọ ìmọ̀ràn fún àwọn ọ̀dọ́ tó ń gbá géèmù ní Yorùbá, tó sì ń fi "tà" nìkan ṣe é látòkèdélẹ̀, ó ti fi ọwọ́ ara rẹ̀ dín èdè rẹ̀ kù.

Ibi tí ọ̀rọ̀ ti dùn jù fún mi ni ìlú àwọn Zora. Ẹnì kan wà níbẹ̀ tó ń jẹ́ Ledo, òkúta tó ń tàn lóru ló ń wá, mẹ́wàá lẹ́ẹ̀kan. Mẹ́wàá àkọ́kọ́, dáyámọ́ǹdì méjì ni yóò fún ọ. Láti ìgbà kejì lọ, ẹyọ kan péré ni. Ẹ jẹ́ ká ṣírò rẹ̀ bí ìyá ọlọ́jà. Òkúta náà ń lọ ní 70 rúpì, mẹ́wàá jẹ́ 700. Dáyámọ́ǹdì méjì jẹ́ 1000, èrè 300 ti wọlé. Lẹ́ẹ̀kejì, ohun tó tó 700 lo gbé sílẹ̀, 500 lo gbà. Òfò ni. Síbẹ̀ àwọn tó mọ géèmù yìí dunjú ń ṣe é, torí wọn kò wá owó lọ síbẹ̀. Tí ọ̀kọ̀ pàtàkì àwọn Zora bá dá, alágbẹ̀dẹ wọn kò ní gba rúpì láti fi ṣe òmíràn: ọ̀kọ̀ Zora lásán kan, òkúta ìṣáná márùn-ún àti dáyámọ́ǹdì kan ni yóò béèrè. Títà kọ́ nìyí o, pàṣípààrọ̀ ni. Ohun tó jẹ́ òfò lójú ọlọ́jà lè ṣàǹfààní fún ẹni tí ọ̀kọ̀ rẹ̀ dá. Nítorí náà, mo yàn án pé "tà" kò gbọdọ̀ wọ ibi tí owó kò bá ti yọjú. Bẹ́ẹ̀ náà ni ti Kilton, ẹni tó máa ń ṣísọ̀ lóru, tó ń gba ẹ̀yà ara abàmì ẹ̀dá: owó tirẹ̀ tó ń jẹ́ mon ló ń fi san án. Owó ni mon lóòótọ́, kò kàn níye níbòmíràn ni. Mo gbà kí "tà" dúró níbẹ̀, tipátipá.

Ẹ bá mi dé ibi ìdáná. Link lè da èròjà márùn-ún sínú ìkòkò lẹ́ẹ̀kan náà. Àwọn oúnjẹ kan ń lé òtútù lọ, àwọn kan ń fi kún agbára. Èmi ò mọ ọ̀rọ̀ tó bá èyí mu ju "àsèjẹ" lọ. Ẹlòmíràn yóò ní ọ̀rọ̀ oníṣègùn ni, kì í ṣe oúnjẹ kan ṣáá. Òun gan-an ni mo ṣe yàn án: oúnjẹ tó kàn ń dá ẹ̀mí Link padà lásán, ẹ jẹ́ kó máa jẹ́ oúnjẹ, èyí tó ní iṣẹ́ tó ń ṣe lára, àsèjẹ ni. Èyí tí wọ́n fi kòkòrò àti ẹ̀yà ara abàmì ẹ̀dá sè, tí wọ́n ń mu látinú ìgò, mo pè é ní àgbo, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ewé, egbò àti èèpo igi la fi ń ṣe tiwa jù.

Owó sì wà nínú ìkòkò yìí. Ẹran tútù tó dára jù ń lọ ní 35 rúpì, márùn-ún jẹ́ 175. Se márùn-ún pọ̀, yóò di 490. Ohun tí àwọn olóúnjẹ ti mọ̀ tipẹ́ ni. Bí a bá ti ní "àsèjẹ", kò sóhun tó ní kí "àsètà" má wà: èyí tí o sè láti tà, tí o kò ní kàn lẹ́nu.

Ó ku ìpamọ́. Ìdì igi kan kò ju rúpì méjì lọ lọ́wọ́ ọlọ́jà, ọ̀pọ̀ sì ń tà á bí ẹni ń gbálẹ̀. Ìgbà tí wọ́n bá dé Hateno, tí Bolson tó ń kọ́lé ní 3000 rúpì àti ìdì igi 30 ni òun yóò gbà fún ilé, ni ojú yóò là. Hudson, tó ń tẹ Tarrey Town dó, yóò tún béèrè 10, lẹ́yìn náà 20, 30, àti 50. Irú ẹrù tí à ń lò tí a sì ń ṣẹ́ kù báyìí, "àjẹṣẹ́kù" ni kó máa jẹ́. Ẹgbẹ́ alájẹṣẹ́kù ti jẹ́ kí ọ̀rọ̀ náà yé tọmọdé tàgbà. Ohun tí géèmù kò gbà kó kúrò lápò, irú wàláà Sheikah tí Link ń gbé kiri, "àìgbọdọ̀tà" ni, lójú ọ̀nà kan náà tí "àìgbọdọ̀máṣe" gbà wá. Idà àti ọ̀kọ̀ yàtọ̀: ẹnikẹ́ni kò ní rà wọ́n nínú géèmù yìí, wọn a sì máa dá. Àwọn wọ̀nyí kàn jẹ́ "àìṣeétà".

Géèmù Resident Evil 4 ti ọdún 2005 tún fún wa ní ọ̀ràn mìíràn. Ìṣúra kan wà níbẹ̀ tó ní ihò lára. Bí o bá wá àwọn òkúta tó yẹ kó wà níbẹ̀, tó o tò wọ́n sí i, owó rẹ̀ yóò ga ju kí o tà wọ́n lọ́tọ̀ọ̀tọ̀. Àgbẹ̀ tó ń sọ pé iṣu òun kò tíì tó wà ti bá wa ṣe èyí tán: "Kò tíì tó tà." Ọjọ́ tó bá pé, "Ó tó tà." Ní ti Skyrim, tó jáde ní 2011, ìwúwo ẹrù ni ìṣòro. Link lè kó òkúta rẹpẹtẹ láìmọ̀ ọ́n lára, ṣùgbọ́n níbẹ̀, bí ẹrù bá ti kọjá 300 tí wọ́n fi bẹ̀rẹ̀, sísáré kò ṣeé ṣe mọ́. "Ẹrù ti wọ̀ ọ́ lọ́rùn" ti tó.

"Ọ́" inú gbólóhùn yẹn mú mi dé orí "ọ" àti "ẹ", ìyẹn bí a ṣe ń fi ọ̀wọ̀ báni sọ̀rọ̀. Alájàpá kì í pe oníbàárà ní ìwọ. Kí Beedle máa sọ pé, "Oníbàárà mi, kí lẹ gbé wá fún mi lónìí?" bí Link tilẹ̀ kéré sí i. Impa, ìyá àgbà Kakariko, kò ní "ẹ" kan láti fún un. Bọ́tìnì kì í ṣe ẹnikẹ́ni, nítorí náà "Tà" àti "Pa á mọ́" kò nílò ọ̀wọ̀.

"Pàǹtí", ọ̀rọ̀ fún ohun tí kò níye lórí, ni mo fi ṣe ìkẹyìn, torí òun ló fa àríyànjiyàn jù. Lọ́dún 2017, ìwo Bokoblin, ọ̀kan nínú àwọn abàmì ẹ̀dá Hyrule, kò níye lórí. Wọ́n ń fi se àgbo, ọ̀pọ̀ sì ń tà á dànù. Ní oṣù karùn-ún 2023, Tears of the Kingdom, géèmù tó tẹ̀lé Breath of the Wild, dé, ọwọ́ Link sì gba agbára láti lẹ nǹkan mọ́ ohun ìjà. Ìwo tí wọ́n ti ń fojú pàǹtí wò wá di ohun tí wọ́n ń fi sí orí igi kó lè di ọ̀kọ̀. Ẹni tó bá ti so "pàǹtí" mọ́ orúkọ rẹ̀ nínú àkójọ ọ̀rọ̀ rẹ̀ yóò tún gbogbo rẹ̀ kọ. Nínú tèmi, "ìwo Bokoblin" ni orúkọ rẹ̀. "Pàǹtí" wà lọ́tọ̀, àmì tí ẹni tó ń gbá géèmù lè lẹ̀ mọ́ ọn lónìí, kó sì yọ ọ́ lọ́la.