Ta Ló Fi Géèmù Pamọ́ Sínú Kọ̀ǹpútà?

Àwọn àgbà bọ̀, wọ́n ní ohun tó wà lẹ́yìn ẹ̀fà, ó ju èje lọ. Ọ̀rọ̀ yìí bá kọ̀ǹpútà mu gan-an, nítorí ohun tí a ń rí lójú rẹ̀ kọ́ ni gbogbo ohun tó wà nínú rẹ̀. Nínú Chrome, ètò tí ọ̀pọ̀ nínú wa fi ń wọ íntánẹ́ẹ̀tì, géèmù kan wà tí ènìyàn lè lo ètò náà fún ọdún púpọ̀ láì mọ̀ pé ó wà níbẹ̀. Ìgbà tí nẹ́tíwọ́ọ̀kì bá lọ ló máa ń yọjú. Ojú-ìwé kan á ṣí, á sọ fún wa pé kò sí íntánẹ́ẹ̀tì, ẹranko kékeré kan á sì dúró lókè ọ̀rọ̀ náà. Ọ̀pọ̀ ènìyàn máa ń fi ìbínú ti ojú-ìwé náà pa. Ṣùgbọ́n bí a bá tẹ bọ́tìnnì gbọọrọ tó wà nísàlẹ̀ pátápátá, ẹranko náà á fò sókè, á sì bẹ̀rẹ̀ sí í sáré.

Orí láptọ́ọ̀pù ẹ̀gbọ́n mi ni mo ti kọ́kọ́ gbá géèmù yìí. Bí ẹranko náà ti ń sáré nínú aṣálẹ̀, bẹ́ẹ̀ ni mo ń mú un fo àwọn ọrọ́ ẹlẹ́gùn-ún tó wà lójú ọ̀nà. Bí ó bá ti kọ lu ọ̀kan, eré parí. Àbúrò mi tó jókòó tì mí wá béèrè ìbéèrè méjì: ta ló gbé e síbẹ̀, kí ló sì dé tí wọ́n fi pamọ́? Ìbéèrè kìíní rọrùn láti dáhùn. Èkejì ló gbé mi padà sẹ́yìn ju ogójì ọdún lọ. Ohun tí mo rí ni pé géèmù ìkọ̀kọ̀ kì í ṣe ọ̀rọ̀ eré lásán. Ẹni tí ohun kan kò tó lọ́wọ́ ló máa ń wà nínú ìtàn rẹ̀. Lákọ̀ọ́kọ́, òṣìṣẹ́ tí wọn kò jẹ́ kí orúkọ rẹ̀ hàn ni. Lẹ́yìn náà, àwa tí nẹ́tíwọ́ọ̀kì máa ń já sílẹ̀ ni.

Ní apá ìparí àwọn ọdún 1970, ilé-iṣẹ́ Atari ní ìpínlẹ̀ California, Amẹ́ríkà, wà lára àwọn tó gbajúmọ̀ jù nínú iṣẹ́ géèmù. Ẹnì kan ṣoṣo ló sábà máa ń ṣe odindi géèmù nígbà náà. Òun ló ń ronú rẹ̀, òun ló ń ya àwòrán rẹ̀, òun náà ló ń kọ ètò tó ń mú un ṣiṣẹ́. Síbẹ̀, orúkọ ilé-iṣẹ́ nìkan ló ń wà lára páálí. Àwọn ọ̀gá kò fẹ́ kí ilé-iṣẹ́ mìíràn mọ ẹni tó mọ iṣẹ́ náà, kí wọ́n má baà fi owó fà á lọ. Ní ọdún 1977, òṣìṣẹ́ kan tó ń jẹ́ Ron Milner fi ìkíni kan tó dárúkọ ara rẹ̀ pamọ́ sínú géèmù tí wọ́n pè ní Starship 1. Ọdún 2017 ni ayé tó gbọ́ nípa rẹ̀. Ọdún 40 gbáko ni orúkọ náà fi wà níbi tí ẹnikẹ́ni kò ti kà á.

Ẹni tí ìtàn tirẹ̀ lókìkí jù ni Warren Robinett. Òun ló ṣe géèmù Adventure fún ẹ̀rọ Atari 2600. Nínú rẹ̀, ẹni tó ń gbá géèmù á máa wá ife idán kan kiri láti ilé olódi kan dé òmíràn, á sì máa sá fún dírágónì. Gbogbo àyè tó wà nínú kásẹ́ẹ̀tì géèmù náà kò ju kílóbáìtì 4 lọ. Àwòrán kan ṣoṣo tí a fi fóònù yà lónìí lè gba ìlọ́po ọgọ́rọ̀ọ̀rún àyè bẹ́ẹ̀. Nínú ibi tó há tó yẹn ni Robinett ti wá àyè fún yàrá ìkọ̀kọ̀ kan. Kí ènìyàn tó lè dé ibẹ̀, ó gbọ́dọ̀ rí àmì kan tó kéré bí orí abẹ́rẹ́, tí àwọ̀ eérú rẹ̀ kò yàtọ̀ sí ti ilẹ̀ tó wà lórí rẹ̀. Ó gbọ́dọ̀ gbé àmì náà dé ẹ̀gbẹ́ ògiri kan kí ó tó lè kọjá. Nínú yàrá náà ni Robinett kọ ọ́ sí pé òun lòun ṣe géèmù náà. Kò sọ fún àwọn ọ̀gá rẹ̀, ó sì ti fi iṣẹ́ sílẹ̀ kí àṣírí náà tó tú.

Ta ló tú u? Ọmọ ọdún 15 kan ní ìlú Salt Lake City ni. Ó kọ lẹ́tà sí Atari ní ọdún 1980 láti ṣàlàyé ohun tó rí. Ẹ̀yin ẹlẹgbẹ́ mi, ẹ kíyè sí i pé ọmọdé ló rí ohun tí ojú àwọn àgbà ilé-iṣẹ́ kò tó. Dípò kí wọ́n bínú, ọ̀kan nínú àwọn ọ̀gá ibẹ̀, Steve Wright, ní kí wọ́n fi yàrá náà sílẹ̀. Ó fi í wé ẹyin tí wọ́n máa ń fi pamọ́ fún àwọn ọmọdé láti wá kiri nígbà Ọdún Àjíǹde ní Amẹ́ríkà. Láti ìgbà náà ni wọ́n ti ń pe ohun ìkọ̀kọ̀ inú kọ̀ǹpútà ní ẹyin Àjíǹde.

Robinett nìkan kọ́ ni ọ̀rọ̀ yìí dùn. Ní ọdún 1979, òṣìṣẹ́ Atari mẹ́rin, David Crane, Larry Kaplan, Alan Miller àti Bob Whitehead, bá ibẹ̀ kúrò. Wọ́n wà lára àwọn tó dá ilé-iṣẹ́ Activision sílẹ̀, níbi tí orúkọ ẹni tó ṣe géèmù ti ń hàn kedere.

Ọ̀rọ̀ orúkọ oníṣẹ́ tí kò hàn kò ṣàjèjì sí wa nílẹ̀ Yorùbá. Ọlọ́wẹ̀ ará Ìsẹ̀ ló gbẹ́ ilẹ̀kùn ààfin Ògògà ti Ìkẹ́rẹ́-Èkìtì. Ní ọdún 1924, wọ́n gbé ilẹ̀kùn náà lọ sí ìpàtẹ ńlá kan ní Wembley, ní Lọ́ńdọ̀nù, ilé ìṣẹ̀ǹbáyé British Museum sì gbà á. Ẹwà rẹ̀ wú wọn lórí, ṣùgbọ́n wọn kò kọ orúkọ agbẹ́gilére náà sílẹ̀ nígbà náà. Nílé, oríkì Ọlọ́wẹ̀ kò jẹ́ kí orúkọ rẹ̀ parẹ́. Robinett kò ní ẹni tí yóò máa ki òun, ìdí nìyẹn tó fi fi ọwọ́ ara rẹ̀ kọ orúkọ rẹ̀ sínú yàrá ìkọ̀kọ̀.

Àṣà náà tàn kálẹ̀ lẹ́yìn èyí. Nínú Excel 97, ètò tí àwọn oníṣirò owó ń lò, àwọn òṣìṣẹ́ Microsoft fi eré kan pamọ́, tí ènìyàn á máa fò kọjá lórí àwọn òkè bí ẹni wà nínú ọkọ̀ òfuurufú. Orúkọ àwọn tó ṣe ètò náà wà níbẹ̀. Ṣùgbọ́n oníbàárà náà ní ẹjọ́ tirẹ̀. Bí eré bá lè fara pamọ́ sínú ohun tí mo fi ń ṣírò owó, kí ni ohun mìíràn tó wà níbẹ̀ tí n kò mọ̀? Ní oṣù Kìíní ọdún 2002, Bill Gates kọ̀wé sí àwọn òṣìṣẹ́ rẹ̀ pé kí ètò tó ṣeé fọkàn tán ṣáájú ohun gbogbo. Lẹ́yìn ìyẹn, irú eré ìkọ̀kọ̀ bẹ́ẹ̀ kásẹ̀ nílẹ̀ níbẹ̀ fún ìgbà pípẹ́.

Ẹ jẹ́ kí a padà sórí ẹranko inú Chrome. Oṣù Kẹsàn-án ọdún 2014 ni ó jáde. Sebastien Gabriel, Alan Bettes àti Edward Jung wà lára àwọn òṣìṣẹ́ Google tó ṣe é. Ẹranko náà ni Tyrannosaurus rex, ọ̀kan nínú àwọn dáínásọ̀ tó run kúrò láyé ní nǹkan bí mílíọ̀nù ọdún 66 sẹ́yìn. Ẹ̀fẹ̀ ló wà nídìí rẹ̀, pé ẹni tí kò ní íntánẹ́ẹ̀tì ti padà sí ayé ìgbà ìwáṣẹ̀. Ní ọdún 2015, wọ́n fi àwọn ẹ̀dá tó ń fò kún ọrọ́ tí ẹranko náà gbọ́dọ̀ yẹ̀ fún. Àwọn tó ṣe é tiẹ̀ sọ pé yóò gbà tó mílíọ̀nù ọdún 17 kí ènìyàn tó lè gbá a parí!

Àwọn wo ló wá ń gbá a? Ní ọdún 2018, Google sọ pé nǹkan bí ìgbà mílíọ̀nù 270 ni wọ́n ń gbá a lóṣooṣù. Ó ní ibi tó ti pọ̀ jù ni àwọn orílẹ̀-èdè tí dátà ti wọ́n tàbí tí kò ti ṣeé gbára lé, bíi Íńdíà, Brasil, Mexico àti Indonesia. Ẹ̀fẹ̀ tí wọ́n dá sílẹ̀ ní Amẹ́ríkà ti di ohun tí àwọn tí nẹ́tíwọ́ọ̀kì já sílẹ̀ fi ń dúró. Mo fẹ́ràn géèmù náà, ṣùgbọ́n n kò gba ẹ̀fẹ̀ náà tán. Ẹni tí kò ní dátà kò sí ní ayé ìgbà ìwáṣẹ̀. Ayé òde òní yìí náà ló wà, ìdánwò kan náà ló sì ń dúró dè é.

Nàìjíríà mọ ọ̀rọ̀ yìí dáadáa. Wáyà tó gba abẹ́ òkun kọjá ló ń gbé èyí tó pọ̀ jù nínú íntánẹ́ẹ̀tì wá bá wa. Ní ọjọ́ 14 oṣù Kẹta ọdún 2024, mẹ́rin nínú wọn, WACS, MainOne, ACE àti SAT-3, bàjẹ́ lẹ́ẹ̀kan náà létíkun Côte d'Ivoire. Ó kan Nàìjíríà, Gánà, Benin àti àwọn orílẹ̀-èdè mìíràn. Iṣẹ́ dẹnu kọlẹ̀ ní àwọn báǹkì kan, nẹ́tíwọ́ọ̀kì fóònù sì ń ṣe ségesège. Bí wọ́n bá kọ ìtàn ọjọ́ náà, orúkọ wáyà àti ti ilé-iṣẹ́ ni wọn yóò kọ. Ṣùgbọ́n fún ẹni tó jókòó sídìí Chrome tí nẹ́tíwọ́ọ̀kì rẹ̀ já, ẹranko tó dúró jẹ́ẹ́ yìí ló rí. Lójú tèmi, òun náà jẹ́ ẹ̀rí. Ìtàn íntánẹ́ẹ̀tì tí a bá kọ láì mẹ́nu kan ìgbà tí kò sí, ààbọ̀ ìtàn ni.

Àwọn tó ń bójú tó kọ̀ǹpútà iléèwé àti ibi iṣẹ́ rí i pé géèmù náà ń gba àkókò lọ́wọ́ tọmọdé tàgbà, Google sì fún wọn ní ọ̀nà láti tì í. N kò bá wọn jà, nítorí iṣẹ́ niṣẹ́ ń jẹ́. Ṣùgbọ́n ẹ̀yin olùkọ́ wa, kí ẹ tó tì í, ẹ fi í kọ́ wa ní ìtàn fún wákàtí kan péré. Ẹ̀yin òbí, bí ọmọ bá béèrè ẹni tó ṣe nǹkan, ẹ má ṣe ní kó panu mọ́. Títí di òní, orúkọ ẹnikẹ́ni kì í hàn bí ẹranko náà ti ń sáré. Àfi kí a béèrè ni a fi lè mọ̀ ọ́n.