Láti Kàsẹ́ẹ̀tì dé Kọ́ǹtù: Ta Ló Ni Géèmù Tí A Fi Owó Wa Rà?



Ìtàn ìlú àti ìtàn ọba la sábà máa ń jọ sọ. Lónìí, ìtàn ohun kan tí àwọn ọmọ wa ń náwó lé lórí la mú wá: géèmù orí kọ́ńsóòlù. Kí ẹnikẹ́ni má sọ pé ọ̀rọ̀ ọmọdé ni. Ní ilẹ̀ Faransé, géèmù tuntun kan fún PlayStation 5 lè tó 79,99 yúrò. Yúrò kan jẹ́ 655,957 fráǹkì sefá. Ẹ ṣe ìṣirò rẹ̀: 52.470 fráǹkì ni. Láti oṣù kìíní ọdún 2023, owó oṣù tó kéré jù tí òfin là sílẹ̀ ní Bẹ̀nẹ̀ jẹ́ 52.000 fráǹkì. Géèmù kan ṣoṣo, owó oṣù òṣìṣẹ́ kan ló jẹ tán yẹn. Ohun tó ń gba irú owó bẹ́ẹ̀ lọ́wọ́ wa, ó yẹ ká mọ ẹni tó ni ín.

Ẹ jẹ́ ká bẹ̀rẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀. Nígbà tí ilé-iṣẹ́ Nintendo gbé Family Computer jáde ní Japan ní oṣù keje ọdún 1983, inú kàsẹ́ẹ̀tì ni géèmù wà. Ẹ ó ki kàsẹ́ẹ̀tì bọ inú ẹ̀rọ, eré bẹ̀rẹ̀. Ní oṣù kejìlá ọdún 1994, Sony gbé PlayStation àkọ́kọ́ jáde, tirẹ̀ sì wà lórí sẹẹdẹ. PlayStation 2 tẹ̀lé e ní ọdún 2000, iye tí wọ́n tà káàkiri ayé sì lé ní mílíọ̀nù 150. Ní Kútọnu níbí, ọ̀pọ̀ ọmọ ni kò ní kọ́ńsóòlù nílé. Inú yàrá tí ẹnìkan gbé tẹlifíṣọ̀n méjì mẹ́ta sí ni wọ́n ti ń gbá bọ́ọ̀lù orí ẹ̀rọ, wọ́n á san owó kékeré fún ìfẹsẹ̀wọnsẹ̀ kan.

Láyé ìgbà yẹn, ọ̀rọ̀ ẹni tó ni géèmù kò le. Ẹni tí disíkì wà lọ́wọ́ rẹ̀ ló ni ín. Ó lè yá ọ̀rẹ́, ó lè fi dúró fún gbèsè, ó lè gbé e lọ sí ọjà Tokpa lọ tà, ó sì lè fi sílẹ̀ fún àbúrò rẹ̀. Bí ilé-iṣẹ́ tó ṣe é tilẹ̀ kógbá sílé, disíkì náà yóò ṣì máa ṣiṣẹ́. Lọ́jọ́ tí a bá ti sanwó ni ọ̀rọ̀ àwa àti ẹni tó tà á ti parí.

Ṣùgbọ́n láti ìgbà náà ni àwọn kan ti ń wá bí géèmù yóò ṣe máa dé ilé láìsí kàsẹ́ẹ̀tì. Ní ọdún 1994, Sega bẹ̀rẹ̀ Sega Channel ní Amẹ́ríkà: wáyà tẹlifíṣọ̀n ló ń gbé géèmù wọlé, owó oṣooṣù ni wọ́n ń san, bí a bá sì ti pa ẹ̀rọ, géèmù náà ti lọ nìyẹn. Ní ọdún 1995, Nintendo ṣe tirẹ̀ ní Japan, wọ́n pè é ní Satellaview, láti ojú sánmà ni géèmù ti ń wá. Àwọn méjèèjì kò pẹ́ lọ títí, ṣùgbọ́n èrò tó wà nídìí wọn kò kú.

Ní oṣù kọkànlá ọdún 2002, Microsoft ṣí Xbox Live. Lọ́dún 2002 yẹn náà ni wọ́n ṣí wáyà abẹ́ òkun SAT-3, èyí tó gba etíkun Kútọnu kọjá. Steam ti ilé-iṣẹ́ Valve dé ní oṣù kẹsàn-án ọdún 2003 fún kọ̀ǹpútà. Nígbà tí Half-Life 2 jáde ní oṣù kọkànlá ọdún 2004, ẹni tó ra disíkì rẹ̀ pàápàá gbọ́dọ̀ ṣí kọ́ǹtù lórí Steam kó tó lè ṣeré. Ní ọdún 2006, Sony ṣí PlayStation Network, Nintendo náà ṣí ọjà tirẹ̀ lórí Wii. Ibẹ̀ ni nǹkan ti yí padà. Rírà wa kò sí nínú ẹ̀rọ mọ́, inú kọ́ǹtù ló wà, èyí tí àwọn ará wa ní ìhà Nàìjíríà ń pè ní àkáǹtì. Kọ́ńsóòlù di ilẹ̀kùn lásán. Orúkọ wa nínú ìwé ilé-iṣẹ́ náà ló di kọ́kọ́rọ́.

Àwọn àgbà ní ohun tó wà lẹ́yìn ẹfà, ó ju èje lọ. Bọ́tìnì tí a tẹ̀ sọ pé kí a rà, ṣùgbọ́n ìwé àdéhùn tí a fọwọ́ sí láìkà sọ pé àṣẹ ìlò ni wọ́n fún wa. Kò yẹ kí èyí ṣòro fún ọmọ Yorùbá láti lóye, nítorí a ti mọ irú rẹ̀ látijọ́. Ẹni tó bá lọ dáko lórí ilẹ̀ onílẹ̀ máa ń san ìṣákọ́lẹ̀. Iṣu tó gbìn, tirẹ̀ ni, yóò jẹ, yóò sì tà. Ṣùgbọ́n kò lè ta ilẹ̀ náà, bí òun àti onílẹ̀ bá sì jà, ọ̀rọ̀ di ọ̀rọ̀. Ìyàtọ̀ tó wà níbẹ̀ ni pé ẹni tó ń san ìṣákọ́lẹ̀ mọ̀ pé òun kọ́ lòun ni ilẹ̀. Àwa tí a ra géèmù, a rò pé a ti di onílẹ̀.

Ìtàn ti fi hàn wá lẹ́ẹ̀kan àti lẹ́ẹ̀kejì. Ní oṣù kìíní ọdún 2019, Nintendo ti ọjà Wii pa. Ní oṣù kẹta ọdún 2021, Sony kéde pé òun yóò ti ọjà PlayStation 3 àti Vita pa. Ariwo ta, wọ́n sì yí ọ̀rọ̀ náà padà ní oṣù tó tẹ̀lé e. Ní ọjọ́ 27 oṣù kẹta ọdún 2023, ó kan ọjà Wii U àti 3DS. Ní ọjọ́ 29 oṣù keje ọdún 2024, Microsoft ti ọjà Xbox 360 pa. Ká má parọ́ mọ́ wọn o: nígbà tí wọ́n ti àwọn ọjà wọ̀nyí pa, wọ́n sọ pé ẹni tó ti rà tẹ́lẹ̀ ṣì lè gba géèmù rẹ̀ sórí ẹ̀rọ. Ọjà tuntun ni kò lè rà mọ́.

Èyí tó dun àwọn èèyàn jù ni ti The Crew. Ubisoft, ilé-iṣẹ́ ilẹ̀ Faransé, ló gbé géèmù ìsáré ọkọ̀ yìí jáde ní ọdún 2014. Ní ọjọ́ 31 oṣù kẹta ọdún 2024, wọ́n pa ẹ̀rọ ńlá tó ń gbé e ṣiṣẹ́. Àti ẹni tó rà á sínú kọ́ǹtù, àti ẹni tó ní disíkì rẹ̀ lọ́wọ́, kò sí ẹni tó lè ṣe é mọ́. Nítorí rẹ̀ ni àwọn aṣeré ní Yúróòpù ṣe dìde sí ìpolongo tí wọ́n pè ní Stop Killing Games.

Ọ̀rọ̀ náà dé ilé ẹjọ́. Ẹgbẹ́ àwọn oníbàárà ilẹ̀ Faransé, UFC-Que Choisir, pe Valve lẹ́jọ́. Wọ́n ní ẹni tó bá ra géèmù lórí Steam gbọ́dọ̀ lè tà á fún ẹlòmíràn, bí a ṣe ń ta ìwé tí a ti kà tán. Ní oṣù kẹsàn-án ọdún 2019, ilé ẹjọ́ ní Paris dá wọn láre. Ní oṣù kẹwàá ọdún 2022, ilé ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn yí ìdájọ́ náà padà. Ní ọjọ́ 23 oṣù kẹwàá ọdún 2024, ilé ẹjọ́ tó ga jù, Cour de cassation, fi òǹtẹ̀ lu ti kòtẹ́milọ́rùn. Ohun tí a kò rí gbà nínú páálí kò ṣeé tà. Ní ìpínlẹ̀ California ní Amẹ́ríkà, ọ̀nà mìíràn ni wọ́n gbà: láti ọjọ́ kìíní ọdún 2025, òfin ní ẹni tó ń ta irú ọjà yìí kò gbọdọ̀ pè é ní rírà láìsọ fún oníbàárà gbangba pé àṣẹ ìlò ló ń gbà.

Kí ló wá kan àwa tí a wà ní Kútọnu? Ó kàn wá ju ẹlòmíràn lọ. Bẹ̀nẹ̀ kò sí nínú àwọn orílẹ̀-èdè tí ẹ lè yàn bí ẹ bá fẹ́ ṣí kọ́ǹtù PlayStation; Nàìjíríà náà kò sí níbẹ̀. Ní oṣù karùn-ún ọdún 2024, Sony fẹ́ kí gbogbo ẹni tó ń ṣe Helldivers 2 lórí kọ̀ǹpútà so ó mọ́ kọ́ǹtù PlayStation, ni wọ́n bá yọ géèmù náà kúrò lọ́jà ní orílẹ̀-èdè tó lé ní 170 tí kò ní ètò yẹn. Wọ́n padà lẹ́yìn òfin sísopọ̀ náà láàárín ọjọ́ díẹ̀, nítorí àwọn aṣeré bínú gan-an. Ṣùgbọ́n a ti rí ibi tí a dúró sí nínú ìwé wọn.

Nítorí náà, ọ̀pọ̀ ọmọ wa ló ń ṣí kọ́ǹtù tó jẹ́ ti ilẹ̀ Faransé. Ẹ jẹ́ kí wọ́n mọ ohun tó ń tẹ̀yìn rẹ̀ yọ. Owó yúrò ni yóò máa san. Káàdì tí a ń fi kóòdù rẹ̀ sanwó gbọ́dọ̀ jẹ́ ti ilẹ̀ Faransé, ti Amẹ́ríkà kò ní wọlé. Bí kọ́ǹtù bá sì bọ́ sọ́nù, ẹni tó ní Faransé lòun ń gbé yóò ṣòro fún láti fi ìwé Bẹ̀nẹ̀ jẹ́rìí ara rẹ̀.

Báwo la ṣe wá ń rí ohun tí a ti rà? Lórí PlayStation 5, ẹ lọ sí ìparí ìlà tí àwọn àwòrán géèmù tò sí, ibẹ̀ ni àkójọ gbogbo géèmù yín wà. Ẹ má ṣe wo kìkì èyí tó wà lórí ẹ̀rọ lọ́wọ́lọ́wọ́. Ẹ wo gbogbo àkójọ, títí kan èyí tí ẹ ti pa rẹ́ nítorí ààyè. Lórí Xbox, inú géèmù àti áàpù yín ni, níbi tí wọ́n to gbogbo èyí tí ẹ ní sí. Lórí Nintendo Switch, ẹ wọ inú eShop, ẹ tẹ àwòrán ara yín lókè, ẹ ó rí ibi tí ẹ ti lè tún gba ohun tí ẹ rà. Ẹ kò ní sanwó lẹ́ẹ̀kejì. Ìtàn owó tí ẹ ti san wà nínú ètò kọ́ǹtù, pẹ̀lú ọjọ́ àti iye.

Ohun mẹ́ta ló ń da àwọn èèyàn láàmú níbí. Èkíní: géèmù ọ̀tọ̀, ibi tí a bá a dé ọ̀tọ̀. Ẹ lè pa géèmù rẹ́ kí ẹ tún gbà á, ṣùgbọ́n bí ẹ bá pa ibi tí ẹ bá a dé rẹ́ láìní ẹ̀dà rẹ̀ níbòmíràn, ó lọ nìyẹn. Èkejì: géèmù tí wọ́n fún yín lóṣooṣù nítorí PlayStation Plus kò dà bí èyí tí ẹ fowó rà. Bí ẹ bá dẹ́kun sísan, yóò ti ara rẹ̀ pa títí ẹ ó fi tún san. Ẹ̀kẹta: lórí PlayStation 5, ẹ̀rọ kan ṣoṣo ni kọ́ǹtù lè fi ṣe ilé rẹ̀, níbi tí àwọn ará ilé yòókù ti lè ṣeré náà, tí ó sì ń ṣiṣẹ́ láìsí íntánẹ́ẹ̀tì. Ẹ yẹ̀ ẹ́ wò pé ẹ̀rọ ilé yín ni.

Àbọ̀ ọ̀rọ̀ wa nìyí. Ẹ fi orúkọ yín àti íméèlì tó jẹ́ tiyín ṣí kọ́ǹtù, kì í ṣe ti ọ̀rẹ́ tàbí ti ẹni tó ta ẹ̀rọ fún yín. Ní oṣù kẹrin ọdún 2011, àwọn ọlọ́ṣà orí íntánẹ́ẹ̀tì wọ PlayStation Network, ọ̀rọ̀ kọ́ǹtù mílíọ̀nù 77 sì kàn án. Nítorí náà, ẹ tan ìdáàbòbò ìgbésẹ̀ méjì, kí ẹ kọ kóòdù àfipamọ́ rẹ̀ sínú ìwé. Bí ẹ bá yí nọ́ńbà fóònù padà, ẹ yí i padà níbẹ̀ náà. Ẹ má ra kọ́ǹtù tí ẹlòmíràn ń pín fún èèyàn mẹ́ta mẹ́rin nítorí pé ó dínwó. Ẹ̀rọ àlòkù tí ẹ bá rà ní ọjà, ẹ má sanwó lé géèmù inú rẹ̀ lórí, nítorí ẹni tó ta ẹ̀rọ kò ta kọ́ǹtù. Bí ẹ̀yin náà bá fẹ́ ta tiyín, ẹ yọ kọ́ǹtù yín kúrò kí ó tó kúrò nílé.

Ẹni tó bá sì lè rí disíkì rà ní iye kan náà, kó rà á. Bí ti The Crew tilẹ̀ fi hàn pé disíkì kì í gbani nígbà gbogbo, ó ṣì ṣeé yá ọ̀rẹ́, ó ṣeé tà, ó sì ṣeé fi sílẹ̀ fún ọmọ. Ẹni tó da omi síwájú á tẹ ilẹ̀ tútù.

Ẹ bá wa pín in fún àwọn ọ̀dọ́ ilé yín, kí ẹ sì kọ ìrírí tiyín sí ìsàlẹ̀, pàápàá ẹ̀yin tí ẹ wà ní ìhà Nàìjíríà. Ire o.