Ta Ló Sọ Ìyapa Di Àdámọ̀? Ọ̀ràn Àwọn Dónátísì ní Àríwá Áfíríkà

Ohun tí a sábà máa ń kà nínú ìtàn ìjọ ni pé ẹni tó kúrò lórí ẹ̀kọ́ àwọn baba ìgbàgbọ́ ni aládàámọ̀. Ọ̀ràn àwọn Dónátísì kò bá àlàyé yìí mu. Àṣà tí wọ́n tìtorí rẹ̀ dá wọn lẹ́bi, ọwọ́ baba ìgbàgbọ́ ilẹ̀ wọn ni wọ́n ti gbà á. Àpilẹ̀kọ yìí tọ ipasẹ̀ ọ̀rọ̀ náà láti ọdún 303 dé 412, láti fi hàn pé òfin ìjọba ló sọ ìyapa di àdámọ̀, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ìbéèrè gidi nípa ìgbàgbọ́ wà nídìí rẹ̀.

Orísun Ìjà

Ní 303, Olú-ọba Diocletian pàṣẹ pé kí wọ́n wó ilé ìjọsìn àwọn Kristẹni, kí wọ́n sì dáná sun Ìwé Mímọ́ wọn. Ní ilẹ̀ tó di Tùnísíà àti Àlùjíríà lónìí, àwọn kan kọ̀, wọ́n sì kú sí i. Àwọn mìíràn, títí kan àwọn bíṣọ́ọ̀bù, kó ìwé lé ìjọba lọ́wọ́. Inúnibíni rọlẹ̀, ṣùgbọ́n àwọn tó forí tì í kò gbàgbé. Nígbà tí Caecilian jẹ bíṣọ́ọ̀bù Carthage ní nǹkan bí 311, àwọn bíṣọ́ọ̀bù Numidia kò gbà. Wọ́n ní Felix ti Aptunga, tó gbọ́wọ́ lé e lórí, wà lára àwọn tó kó ìwé sílẹ̀, ọwọ́ tó ti dọ̀tí kò sì lè yani sí mímọ́. Wọ́n fi Majorinus jẹ bíṣọ́ọ̀bù dípò rẹ̀. Donatus ló gun orí oyè lẹ́yìn rẹ̀, orúkọ rẹ̀ ni wọ́n sì fi ń pe ẹgbẹ́ náà.

Àwọn alátakò yìí fúnra wọn ló kọ́kọ́ gbé ẹjọ́ lọ bá Olú-ọba Constantine. Wọn kò rí àre níbẹ̀. Àpérò Róòmù dá Caecilian láre ní 313, ti Arles tẹ̀ lé e ní 314, ìwádìí ìjọba wẹ Felix mọ́ ní 315, olú-ọba sì fi àṣẹ tirẹ̀ tì í lẹ́yìn ní 316. Ipá tí wọ́n lò lẹ́yìn náà kò so èso. Ní 321, Constantine fi wọ́n sílẹ̀. Nígbà tí Augustine, tó jẹ́ ti ìhà Caecilian, fi di bíṣọ́ọ̀bù Hippo ní nǹkan bí 395, àwọn Dónátísì ló pọ̀ jù ní ọ̀pọ̀ ìlú, Hippo pẹ̀lú.

Ogún Cyprian

Àwọn Dónátísì a máa tún ẹni tó bá ti ìjọ kejì wá rì bọmi. Cyprian, bíṣọ́ọ̀bù Carthage tí ìjọba Róòmù bẹ́ lórí ní 258, ti kọ́ni pé ìrìbọmi kò sí lẹ́yìn òde ìjọ. Bíṣọ́ọ̀bù tó lé ní 80 fọwọ́ sí i ní àpérò Carthage ọdún 256, bí Stephen, bíṣọ́ọ̀bù Róòmù, tilẹ̀ fàáké kọ́rí. Àpérò Arles ló ní kí àwọn ará Áfíríkà jáwọ́ nínú rẹ̀. Ìhà Caecilian, tí wọ́n ń pè ní Kátólíìkì, gbà. Ìhà Donatus kò gbà.

Ìhà méjèèjì ló ka Cyprian sí ẹni mímọ́. Àwọn Dónátísì di ẹ̀kọ́ rẹ̀ mú. Augustine ní tirẹ̀ tọ́ka sí ìwà rẹ̀, pé Cyprian kò já okùn ìdàpọ̀ pẹ̀lú àwọn tí èrò wọn yàtọ̀ sí tirẹ̀. Ó fi kún un pé Kristi gan-an ló ń rini bọmi, nítorí náà ẹ̀ṣẹ̀ àlùfáà kò lè ba ẹ̀bùn náà jẹ́.

Láti Ìyapa sí Àdámọ̀

Optatus ti Milevis, tó kọ̀wé takò wọ́n láàárín ọdún 360 sí 370, ṣì ń pè wọ́n ní arákùnrin. Lójú rẹ̀, ìyapa ni wọ́n ṣe. Ní 392, Olú-ọba Theodosius fi ìtanràn ìwọ̀n pọ́ùn mẹ́wàá wúrà lé orí àlùfáà aládàámọ̀ kọ̀ọ̀kan. Láti ìgbà náà ni orúkọ aládàámọ̀ ti ní iye owó. Nígbà tí àwọn Dónátísì ṣe ìkọlù sí Possidius, bíṣọ́ọ̀bù Kátólíìkì ní Calama, ní nǹkan bí 403, wọ́n pe Crispinus, bíṣọ́ọ̀bù Dónátísì ìlú kan náà, lẹ́jọ́ lábẹ́ òfin yẹn. Ó ní òun kì í ṣe aládàámọ̀. Ilé ẹjọ́ ní aládàámọ̀ ni. Àwọn Kátólíìkì ló bẹ̀bẹ̀ pé kí wọ́n má gba owó náà lọ́wọ́ rẹ̀.

Ní 405, Olú-ọba Honorius fi òfin gbé e kalẹ̀ pé àtúnrì ìrìbọmi ti mú kí ìyapa náà bí àdámọ̀. Ní oṣù kẹfà ọdún 411, bíṣọ́ọ̀bù tó tó nǹkan bí 280 láti ìhà kọ̀ọ̀kan pàdé ní Carthage níwájú Marcellinus, aṣojú olú-ọba. Ó dá àwọn Dónátísì lẹ́bi. Òfin ọdún 412 bu ìtanràn fún wọn bí ipò oníkálukú ṣe ga tó, ó sì gba ilé ìjọsìn wọn. Augustine, tó ti gbà tẹ́lẹ̀ pé ọ̀rọ̀ ẹnu nìkan ló yẹ kí a fi bá wọn jà, ti yí èrò padà: ó ní ìbẹ̀rù òfin ti mú ọ̀pọ̀ padà wá sínú òtítọ́.

Àgbálọgbábọ̀

Àṣìṣe ni láti sọ pé agbára lásán ló dá ẹjọ́ yìí. Èsì tí Augustine fún ìbéèrè nípa ìrìbọmi lẹ́sẹ̀ nílẹ̀, ìjọ sì ṣì ń lò ó. Ṣùgbọ́n ẹ̀kọ́ tó yè kooro ní Carthage ní 256 ló di ẹ̀ṣẹ̀ lábẹ́ òfin ní 405. Ní 434, Vincent ti Lérins fúnra rẹ̀, tó jẹ́ Kátólíìkì paraku, kíyè sí i pé wọ́n dá àwọn tó kọ́kọ́ kọ́ni ní ẹ̀kọ́ náà láre, wọ́n sì dá àwọn tó tẹ̀ lé wọn lẹ́bi. Nítorí náà, nígbàkígbà tí òǹkàwé bá bá orúkọ aládàámọ̀ pàdé nínú ìtàn, kí ó kọ́kọ́ béèrè ọdún tí wọ́n sọ ọ́ lórúkọ náà, àti òfin tí wọ́n fi sọ ọ́.