Àmánà Lọ́rùn Onílé: Àwọn Mùsùlùmí Albania àti Àwọn Yẹhúdì Nígbà Ogun Hitler

Ẹ̀yin ará mi, àwọn kan yóò ní, pẹ̀lú ohun tó ń ṣẹlẹ̀ ní Palestine, ṣé ìtàn Yẹhúdì ló kàn? Èsì mi ni pé ìtàn Mùsùlùmí ni mo fẹ́ sọ.

Albania jẹ́ orílẹ̀-èdè kékeré ní Yúróòpù, Mùsùlùmí ló pọ̀ jù níbẹ̀. Ítálì gbà á ní 1939. Nígbà tí Ítálì túúbá ní September 1943, Jámánì wọlé. Kí ogun tó dé, àwọn Yẹhúdì ibẹ̀ kò ju nǹkan bí 200 lọ. Nígbà tí ogun parí, wọ́n ti pọ̀ ju bẹ́ẹ̀ lọ dáadáa, nítorí àwọn tó sá wá láti ilẹ̀ mìíràn.

Àwọn ará ibẹ̀ ní ohun kan tí wọ́n ń pè ní besa: ìlérí tí ènìyàn kò gbọdọ̀ yẹ̀. Àlejò tó bá ti wọ ilé rẹ, ẹ̀mí rẹ̀ ti di ẹrù ọrùn rẹ. Àmánà ni èmi yóò pè é. Kí n má purọ́, àwọn Kristẹni ibẹ̀ náà ní i, wọ́n sì fi Yẹhúdì pamọ́.

Ẹ jẹ́ ká mú ilé kan. Refik Veseli, ọmọ ọdún 17, ń kọ́ṣẹ́ ní ṣọ́ọ̀bù fọ́tò kan ní Tirana, níbi tí Moshe Mandil, Yẹhúdì tó wá láti Yugoslavia, ti ń ṣiṣẹ́. Nígbà tí Jámánì dé, ọmọ yìí tọrọ àyè lọ́wọ́ àwọn òbí rẹ̀, ó sì kó Mandil, ìyàwó rẹ̀ àti ọmọ wọn méjì lọ sí Kruja, ìlú orí òkè. Òru ni wọ́n ń rìn, ìbaaka ni wọ́n gùn. Tí ilẹ̀ bá mọ́, wọ́n á wọ inú ihò àpáta. Vesel àti Fatima, òbí Refik, fi àwọn àgbà sí yàrá kékeré kan lókè ilé ẹran. Àwọn ọmọ ní tiwọn ń bá àwọn ọmọ onílé ṣeré ní gbangba. Ẹ ronú sí ìyá yẹn o! Ọ̀rọ̀ kan péré tó bá bọ́ lẹ́nu ọmọdé, gbogbo ilé lè bá a lọ. Síbẹ̀, Xhemal, ẹ̀gbọ́n tàbí àbúrò Refik, tún kó ìdílé Yẹhúdì mìíràn wá, ilé náà sì gbà wọ́n. Títí di November 1944 ni wọ́n fi wà níbẹ̀.

Kì í ṣe gbogbo wọn ló ṣe dáadáa. Ní Kosovo, tí wọ́n so mọ́ Albania nígbà náà, àwọn ọmọ ogun SS tí Jámánì kó jọ láàárín àwọn ará Albania, Mùsùlùmí bíi tiwa, ló mú 281 Yẹhúdì ní 1944. Ẹ̀sìn kan náà, èdè kan náà. Oníwàásù tó bá bo èyí mọ́lẹ̀, kò sọ ìtàn.

Ní 1967 ni ìjọba ibẹ̀ nígbà náà fòfin de ẹ̀sìn, ọ̀rọ̀ náà kò sì tètè jáde síta. Ní 1987 ni Yad Vashem ní Jerúsálẹ́mù fi oyè dá ilé Veseli lọ́lá, àwọn ni ará Albania àkọ́kọ́ tó gbà á. Ṣùgbọ́n kò tíì pẹ́ tí ogun parí tí Refik ti gba Yugoslavia lọ, tó ń gbé nílé Mandil, tó ń parí iṣẹ́ fọ́tò tó ń kọ́.