Ohùn Àgbà Inú Àwo: Ọ̀rọ̀ Lórí Títún Ohùn Àtijọ́ Ṣe

Ọ̀rọ̀ tí a gbé wá síwájú yín lọ́dún yìí kò jìnnà sí iṣẹ́ tiwa, nítorí ohùn ni, ohùn ni a sì fi gba Ifá lẹ́nu olúwo wa.

Ní 1875 ni Martiniano Eliseu do Bonfim, ọmọ Bahia, bá bàbá rẹ̀ wá sí Èkó. Ọdún 11 ni ó lò níbẹ̀. Nígbà tí ó padà sí Brazil, babaláwo ni, Yorùbá sì yọ̀ mọ́ ọn lẹ́nu. Ó ti lé ní ẹni 80 ọdún nígbà tí Lorenzo Dow Turner, onímọ̀ èdè, ọmọ adúláwọ̀ Amẹ́ríkà, gbé ẹ̀rọ dé Bahia ní 1940, tí ó sì gba ohùn rẹ̀ sínú àwo. Ó gba ohùn Menininha ti ilé Gantois pẹ̀lú. Martiniano papòdà ní 1943; àwọn àwo náà wà ní Yunifásítì Indiana.

Àwo ayé ìgbà náà kì í pẹ́ bàjẹ́. Irin fẹ́lẹ́ tí a fi ọ̀dà bò ni púpọ̀ nínú wọn. Bí ọjọ́ bá ti ń gorí ọjọ́, ọ̀dà á gbẹ, á lanu, á sì bó. Abẹ́rẹ́ tí a fi ń gbọ́ ọ pàápàá ń jẹ ojú ìlà rẹ̀. Ìdí nìyí tí Carl Haber àti Vitaliy Fadeyev ní Berkeley fi gbé ọgbọ́n kan kalẹ̀: ìmọ́lẹ̀ ni a ó fi ya àwòrán ìlà àwo, kọ̀ǹpútà á sì sọ àwòrán náà di ohùn, láìjẹ́ pé abẹ́rẹ́ kàn án. Ọ̀nà yìí ni a fi gbọ́ ohùn Alexander Graham Bell ti 1885, tí a kéde rẹ̀ ní 2013.

Fífọ ohùn ni ó ń kọ wá lóminú. Kọ̀ǹpútà kò gbọ́ Yorùbá. Ariwo ṣíṣí tí ń bẹ lójú àwo jọ ìró S àti Ṣ lẹ́nu wa. Bí oníṣẹ́ bá fọ̀ ọ́ jù, òsì tí í ṣe ọwọ́ àti òṣì tí à ń fi ẹbọ lé lọ á di ọ̀kan náà létí. Bí ó bá sì jẹ́ kí àwo yí yá jù, ohùn àgbà á tín bí ti ọmọdé. (A ti gbọ́ irú rẹ̀ rí. Àwọn ọmọ awo bú sẹ́rìn-ín. Àwa kò lè rẹ́rìn-ín.)

Nítorí náà, ẹ̀dà àkọ́kọ́ tí a kò fọ̀, tòun ti ariwo rẹ̀, kò gbọdọ̀ sọnù, ẹni tí ó gbọ́ ìjìnlẹ̀ èdè sì gbọdọ̀ jókòó ti oníṣẹ́ ẹ̀rọ. Ní ọ̀rúndún yìí, ẹ̀dà ohùn tí Turner gbà ti padà dé ọwọ́ àwọn ilé òrìṣà ní Bahia. Àwọn tí ń kọ orin òrìṣà níbẹ̀ títí di òní lè wá fi etí ara wọn yẹ ohun tí ẹ̀rọ mú kúrò àti ohun tí ó ṣẹ́kù wò.