Ayò Ojú Irin Orí Bébà

Ayò ojú irin orí bébà ni ayò tí wọ́n fi ń ya ọ̀nà ọkọ̀ ojú irin sórí máàpù pẹ̀lú pẹ́ńsù tàbí kréyọ́ọ̀nù. Ludó ti ní ojú ọ̀nà tirẹ̀ kí ẹnikẹ́ni tó jókòó tì í. Nínú ayò yìí, ẹni tó ń ta á ló máa fọwọ́ ara rẹ̀ fa ọ̀nà tí ọkọ̀ rẹ̀ yóò gbà. Ìlú, odò, òkè àti àmì tóótòòtó ló kún orí máàpù náà, láti àmì kan sí èkejì sì ni ìlà ti ń lọ. Ọ̀ràn ibẹ̀ ò ju ẹyọ kan lọ: owó kò tó láti fa ìlà dé gbogbo ibi, bẹ́ẹ̀ ni àwọn ẹlòmíràn náà ń fa tiwọn lórí máàpù kan náà.

Ọ̀kan nínú àwọn tó ti pẹ́ ni Railway Rivals, tí David Watts gbé jáde ní Britain ní 1973. Ìpele méjì ló ní. Ní ìpele kìíní, dáìsì ló ń sọ bí ìlà tí ẹnì kọ̀ọ̀kan lè fà ṣe máa gùn tó, ìlà orí òkè a sì máa náni ju ti pẹ̀tẹ́lẹ̀ lọ. Ní ìpele kejì, wọ́n á tún da dáìsì láti mọ ìlú tí ìje ti máa bẹ̀rẹ̀ àti ìlú tó máa parí sí. Ẹni tó bá kọ́kọ́ dé gba máàkì 20, ẹni tó tẹ̀ lé e gba 10. Ẹni tí ìlà tirẹ̀ kò dé ibẹ̀ lè gba orí ìlà ẹlòmíràn, àmọ́ yóò sanwó fún un. Nígbà tí ayò náà dé Jámánì, Dampfross ni wọ́n pè é, òun ló sì gba Spiel des Jahres ní 1984, ẹ̀bùn tí wọ́n ń fún ayò tó ta yọ jù lọ́dún níbẹ̀.

Empire Builder ló sọ irú ayò yìí di gbajúmọ̀ ní Amẹ́ríkà. Darwin Bromley àti Bill Fawcett ló ṣe é, iléeṣẹ́ Mayfair Games sì gbé e jáde ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1980. Wọ́n fi ọ̀rá bo máàpù rẹ̀, kí wọ́n lè nu kréyọ́ọ̀nù kúrò tí ayò bá parí. Káàdì mẹ́ta máa ń wà lọ́wọ́ ẹnì kọ̀ọ̀kan. Ọjà mẹ́ta ló wà lára káàdì kan, pẹ̀lú ìlú tó ń fẹ́ ọjà náà àti iye tí wọ́n máa san. Mílíọ̀nù kan dọ́là ni ìlà tó dé àmì kan ní pẹ̀tẹ́lẹ̀, mílíọ̀nù méjì ni tí àmì náà bá wà lórí òkè, márùn-ún sì ni lórí òkè tó ga jù. Wọ́n á fi owó kún un fún odò. Ẹnikẹ́ni kò gbọ́dọ̀ ná ju 20 mílíọ̀nù lọ nígbà tó bá kàn án. Ẹni tó bá kó 250 mílíọ̀nù jọ, tí ìlà rẹ̀ sì so àwọn ìlú ńlá pọ̀ bí òfin ṣe wí, ló jáwé olúborí. Ó lè gbà ju wákàtí mẹ́ta lọ, ìyẹn kì í sì í ṣe fún ẹni tí ara rẹ̀ kò balẹ̀.

Ibi tí ọgbọ́n pọ̀ sí jù nínú rẹ̀ ni òfin ìyálò: ẹni tó bá san mílíọ̀nù mẹ́rin fún olówó ìlà lè gba orí rẹ̀ nígbà tó bá kàn án. Ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń kọ́ ayò náà máa ń sá fún owó yìí, á máa fa ìlà tirẹ̀ sẹ́gbẹ̀ẹ́ ti ẹlòmíràn títí àpò rẹ̀ á fi gbẹ. Ẹni tó mọ̀ ọ́n ta a kọ́kọ́ ṣírò iye ìgbà tí òun máa gba ibẹ̀ kọjá.

Àwọn ayò ìgbà tuntun ti yọ ìjà orí máàpù kan náà kúrò. Orí bébà tirẹ̀ ni kálukú ti ń fa ìlà. Nínú Railroad Ink (2018), tí Hjalmar Hach àti Lorenzo Silva ṣe ní Ítálì, dáìsì mẹ́rin ni wọ́n ń dà nígbà méje, ohun tó bá sì jáde ni gbogbo wọn máa yà; máàkì kọ̀ọ̀kan ni wọ́n ń yọ fún ìlà tó bá dákú sójú ọ̀nà. Next Station: London ti Matthew Dunstan (2022) ní pẹ́ńsù aláwọ̀ mẹ́rin tí wọ́n ń gbà lọ́wọ́ ara wọn, ìlà tó bá sì fo odò Thames ń mú máàkì wá.

Ní Èkó, Òṣòdì ni ọ̀ràn inú ayò yìí ti hàn gbangba nínú irin gidi. Ojú irin tí ìjọba amúnisìn fà láti Ìdó, tí wọ́n ṣí dé Ìbàdàn ní 1901, gba ibẹ̀ kọjá. Ìlú wá ká a mọ́, débi pé orí irin gan-an ni wọ́n ń tajà, tí wọ́n á sáré palẹ̀ mọ́ tí ọkọ̀ bá ń bọ̀, kí ìjọba ìpínlẹ̀ tó lé wọn ní January 2009. Nígbà tí wọ́n ń ṣe ojú irin tuntun Èkó sí Ìbàdàn, tó gùn ní kìlómítà 157, tí wọ́n sì ṣí ní 2021, ẹ̀gbẹ́ ti àtijọ́ ni wọ́n tẹ́ ẹ sí. Fífẹ̀ wọn kò dọ́gba: mìlímítà 1,067 ni ti àtijọ́, 1,435 ni tuntun, nítorí náà ọkọ̀ ọ̀kan kò lè gun èkejì. Kò sí irú wàhálà yẹn nínú ayò.

Òfin ìyálò inú ayò ni ti Red Line, ọ̀nà ọkọ̀ ojú irin ìjọba ìpínlẹ̀ Èkó. Ìjọba ìpínlẹ̀ Èkó kò tẹ́ irin tirẹ̀ fún kìlómítà 27 láti Oyíngbò dé Àgbàdo. Wọ́n bá àjọ rélùwéè Nàìjíríà ṣàdéhùn láti máa lo irin ìjọba àpapọ̀. Ibùdókọ̀ mẹ́jọ ló wà lójú ọ̀nà náà, Òṣòdì wà nínú wọn. Wọ́n ṣí i ní February 2024, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí kó èrò ní October ọdún náà.

Àdúgbò Ìsọlọ̀ àti Ọ̀kọ́tà kò rí ìpín nínú rẹ̀, nítorí ìlà náà wà ní ìlà-oòrùn wọn. Blue Line, ọ̀nà ọkọ̀ ojú irin mìíràn ní Èkó, tó fo omi wọ Marina, kò kọjá Máìlì 2 ní ìpele rẹ̀ àkọ́kọ́. Ẹni tó bá ń ta ayò yìí lórí máàpù Èkó máa tètè rí àlàfo tó wà láàárín méjèèjì: títì Òṣòdì sí Àpápá ti so Òṣòdì mọ́ Ìyànà-Ìsọlọ̀, Cele àti Máìlì 2. Ìlà kan ṣoṣo níbẹ̀ á so pupa àti búlúù pọ̀, owó ìyálò á sì máa wọlé fún ẹni tó bá kọ́kọ́ fà á.