Ta Ló Pa Ejò Náà?

Àwọn àgbà ní, "Bí ọkùnrin bá rí ejò, tí obìnrin sì pa á, kí ejò ṣáà ti kú." Ibi tí iṣẹ́ bá ti délẹ̀, tí a kò fẹ́ kí ìjà ipò bà á jẹ́, la ti sábà ń pa òwe yìí: ní ìpàdé ẹbí, tàbí nínú ilé tí tọkọtaya ti jọ ń wá owó ilé-ìwé ọmọ. Òwe ìrẹ́pọ̀ ni. Síbẹ̀, ẹ wo inú rẹ̀ dáadáa. Òwe fúnra rẹ̀ sọ ẹni tó pa ejò. Àwa tí à ń pa òwe la máa ń gbàgbé rẹ̀. Bí ejò bá ti kú tán, ẹni tó kọ́kọ́ pariwo ló máa ń ni ìtàn.

Ọ̀jọ̀gbọ́n Ọmọ́lará Ògúndípẹ̀, tí ọ̀pọ̀ ìwé ń pè ní Molara Ogundipe-Leslie, fi ọjọ́ ayé rẹ̀ bá ìgbàgbé yìí jà. Èkó ni wọ́n bí i sí ní ọjọ́ 27 oṣù Kejìlá, 1940. Ìjẹ̀bú-Igbó ló kú sí ní ọjọ́ 18 oṣù Kẹfà, 2019. Ó gba oyè onípò kìíní nínú ẹ̀kọ́ Gẹ̀ẹ́sì ní Ìbàdàn, ó gba oyè ọ̀mọ̀wé ní Leiden lórí ìmọ̀ bí a ti ń to ìtàn, ó sì kọ́ àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ní Àgọ́-Ìwòyè, ní yunifásítì Ìpínlẹ̀ Ògùn tí wọ́n dá sílẹ̀ ní 1982, tí wọ́n wá sọ ní orúkọ Ọlábísí Ọnàbánjọ ní 2001. Akéwì àti olámèyítọ́ ni. Síbẹ̀, mi ò mọ ẹni tó kọ́ wa bí a ó ti ka ìwé ìtàn àròsọ obìnrin jù ú lọ.

Ní 1984, nínú àròkọ kan tó kọ sínú ìwé tí Robin Morgan ṣe olóòtú rẹ̀ ní Amẹ́ríkà, ó ní òkè mẹ́fà ló wà lẹ́yìn obìnrin Áfíríkà. Ọ̀dọ̀ Mao ti Ṣáínà ló ti yá àkàwé náà. Mao ní òkè mẹ́ta ló wà lẹ́yìn ọkùnrin, mẹ́rin lẹ́yìn obìnrin, ọkùnrin gan-an sì ni ìkẹrin. Ògúndípẹ̀ fi méjì kún un, ó di mẹ́fà: ìnira tó ti òkèèrè wá, àṣà tí a jogún, àìmọ̀kan àti òṣì tí ìjọba amúnisìn dá sílẹ̀, ọkùnrin, àwọ̀ ara, lẹ́yìn náà obìnrin fúnra rẹ̀. Òkè kẹfà yìí ló jẹ́ kí àròkọ náà ṣì máa gún ni lọ́kàn. Ó rọrùn ká bú òyìnbó, ó sì rọrùn ká bú ọkùnrin. Kí obìnrin gbà pé òun ti gba ohun tí wọ́n ń sọ nípa òun gbọ́, débi pé òun náà ló fi ń tọ́ ọmọ òun, iyẹn le.

Ó tún rí ohun kan tí ẹni tó bá dàgbà nínú agboolé yóò dá mọ̀ lójú ẹsẹ̀. Nílé baba rẹ̀, ọmọ ilé ni obìnrin: ó lẹ́nu ọ̀rọ̀, wọn kì í pàdé lórí ọ̀rọ̀ ẹbí kí wọ́n má pè é. Bó bá sọdá sí ilé ọkọ, ìyàwó ni. Ọmọdé tí kò tíì lè fọn imú ara rẹ̀, bí wọ́n bá ti bí i kí ìyàwó tó dé, "ọkọ mi" ni yóò máa pè é. Kò ní dárúkọ rẹ̀. Yóò wá orúkọ mìíràn fún un, Ìbàdíàrán tàbí Akọ̀wé. Lọ́jọ́ kan náà, bó bá padà sílé baba rẹ̀, ìyàwó ibẹ̀ yóò kúnlẹ̀ kí òun náà. Ògúndípẹ̀ ní inú ìgbéyàwó ni obìnrin ti ń pàdánù ẹ̀tọ́ tó ní gẹ́gẹ́ bí ọmọ, nítorí náà ẹni tó bá wo ìyàwó nìkan kò tíì rí obìnrin Áfíríkà.

Ojú yìí kan náà ló fi wo ìwé nínú àròkọ tó tẹ̀ jáde ní 1987 lórí ojúṣe obìnrin tó ń kọ̀wé. Nínú ìwé àwọn ọkùnrin, ó ní ojú méjì ni obìnrin sábà máa ń ní: ìyá tó ń fara da ohun gbogbo, tàbí aṣẹ́wó ìlú ńlá. Ó ní ẹni tó jẹ́ obìnrin ni kó sọ bó ti rí. Efuru, ìwé ìtàn àròsọ Flora Nwapa, ti jáde ní 1966, ọ̀nà ti là. Ṣùgbọ́n kò fẹ́ kí ó tán síbẹ̀. Obìnrin tó ń kọ̀wé jẹ iṣẹ́ ọnà náà ní gbèsè, ó sì jẹ ilẹ̀ tí wọ́n ti fìyà jẹ ní gbèsè.

Ẹni tó san gbèsè iṣẹ́ ọnà náà jù lójú tèmi ni Ama Ata Aidoo ará Gánà, tó kú ní 2023. Nínú Our Sister Killjoy tó jáde ní 1977, ọmọbìnrin kan lọ sí Jámánì àti London. Ìtàn ń lọ geerege, lójijì ó di ewì. Apá tó kẹ́yìn jẹ́ lẹ́tà. Wọ́n ní àrà tuntun ni. Ẹni tó bá gbọ́ àlọ́ rí mọ̀ pé apàlọ́ a máa dá ìtàn dúró, a dá orin, ará ilé a gbè é, ìtàn a tún máa bọ̀. Aidoo mú ohun tí àwọn ìyá àgbà ti ń ṣe wọ inú ìwé.

Òwe ejò kò sì sọ pé kí ọkùnrin kúrò níbẹ̀. Ẹgbẹ́ Women in Nigeria tí Ògúndípẹ̀ wà lára àwọn tó dá a sílẹ̀ ní 1982 gba ọkùnrin wọlé. Nígbà tí àríyànjiyàn lórí ọ̀rọ̀ fẹ́míníísì ń gba àkókò gbogbo ènìyàn, ó pa á tì, ó ní STIWA lòun ń ṣe: àtúnṣe àwùjọ Áfíríkà tí obìnrin wà nínú rẹ̀. Orúkọ yẹn ti wá gbajúmọ̀ ju ewì rẹ̀, Sew the Old Days, ti 1985 lọ, ó sì dùn mí.

Gẹ̀ẹ́sì ló fi kọ gbogbo rẹ̀. Àwọn tí òkè mẹ́fà náà wà lẹ́yìn wọn ń tajà ní Òkè-Sópẹ́n, wọ́n ń yan ẹja ní Mákún-Omi. Ohun tí mo ń fẹ́ lọ́wọ́ àwọn akẹ́kọ̀ọ́ èdè ní Àgọ́-Ìwòyè ni kí wọ́n tú àròkọ 1984 yẹn sí Yorùbá, kí wọ́n kà á sétí àwọn obìnrin wọ̀nyí, kí wọ́n sì kọ èsì wọn sílẹ̀ pẹ̀lú orúkọ ẹni tó sọ ọ́.